Ṣọ́ọ̀bù tí ayálégbé tún yá fún ẹlòmíràn: ibi tí ẹjọ́ kíkó-jáde ti ń bàjẹ́ l'Ékòó

Ní Computer Village n'Íkẹjà, ṣọ́ọ̀bù kan ṣoṣo lè ní èèyàn mẹ́rin tó ń jẹ nínú rẹ̀. Ẹnì kan ló gbà á lọ́wọ́ onílé, òun ló wá pín in. Ẹni tó ń ta fóònù wà ní káńtà iwájú, ẹni tó ń tún láptọ́ọ̀pù ṣe wà lẹ́yìn ògiri páálí, ẹni tó ń ta ṣájà àti pọ́ọ̀ṣì fóònù sì gba tábìlì kan lẹ́nu ọ̀nà. Oníkálukú ń san owó tirẹ̀ fún ẹni tó pín ṣọ́ọ̀bù, ẹni yẹn nìkan ló sì ń dá onílé lóhùn. Bí ọjà bá ń lọ, kò sẹ́ni tó máa bi ẹnìkejì rẹ̀ léèrè ìwé. Ọjọ́ tí onílé bá ní òun fẹ́ gba ṣọ́ọ̀bù òun ni wàhálà máa ń bẹ̀rẹ̀, tàbí ọjọ́ tí ẹni tó pín in bá fẹ́ lé ọ̀kan nínú wọn tí onítọ̀hún sì fàáké kọ́rí.

Irú ẹjọ́ yìí pọ̀ ní kóòtù májísíréètì Èkó, ó sì máa ń pẹ́ ju bó ṣe yẹ lọ. Lójú tèmi, ohun tó sábà ń fà á ni pé ìwé kúìtì, ìyẹn ìwé tó ní kí ayálégbé kó jáde, ti lọ sọ́wọ́ ẹni tí kò kàn, tàbí pé ẹni tí kò láṣẹ ló kọ ọ́. Kí ọ̀rọ̀ má baà dàrú, ẹni tó ni ilé ni mo máa pè ní onílé, ẹni tó gbà á lọ́wọ́ rẹ̀ ni ayálégbé àkọ́kọ́, ẹni tí òun náà tún yá a fún ni ayálégbé kejì.

Òfin tó kan ọ̀rọ̀ náà ni Tenancy Law ti Ìpínlẹ̀ Èkó, 2011. Ó kan ilé gbígbé, ó sì kan ṣọ́ọ̀bù àti ọ́fíìsì. Àmọ́ ó yọ Apápá, GRA Ìkẹjà, Ìkòyí àti Victoria Island sílẹ̀. Ní àwọn ibi yẹn, àgíríìmẹ́ǹtì yín àti ìlànà òfin tó ti wà tẹ́lẹ̀ ni wọ́n máa wò, ibẹ̀ sì le ju: ìwé kúìtì ayálégbé ọdọọdún gbọ́dọ̀ parí lọ́jọ́ tí ọdún ilé náà parí gan-an. Computer Village kò sí nínú GRA, nítorí náà òfin 2011 kàn án. Ẹni tó wà n'Íbàdàn tàbí l'Abẹ́òkúta kò gbọdọ̀ gbé ohun tí mo kọ síbí lọ sí kóòtù tirẹ̀ láìbi lọ́yà, torí ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan ló ní òfin tirẹ̀. L'Ékòó náà, àbá òfin ilé tuntun ti dé iwájú àwọn aṣòfin ní 2025, ẹ bèèrè ibi tó dé kí ẹ tó gbé ẹjọ́ lọ.

Ta ni onílé ta?

Ẹni tó gbé ṣọ́ọ̀bù fún ọ, tó ń gba owó ilé lọ́wọ́ rẹ, tí wàá sì dá ṣọ́ọ̀bù padà fún bí àsìkò bá pé, òun ni onílé rẹ. Nípa bẹ́ẹ̀, ayálégbé ni ayálégbé àkọ́kọ́ jẹ́ lójú onílé, ṣùgbọ́n onílé ló jẹ́ lójú ayálégbé kejì. Ó lè fún un níwèé kúìtì, ó sì lè pè é lẹ́jọ́ ní orúkọ ara rẹ̀, láìjẹ́ pé ẹni tó ni ilé bá a lọ sí kóòtù. Ayálégbé kejì máa ń dáhùn pé, "Ìwọ náà ṣe bí ayálégbé ni ọ́? O ò lè lé mi." Ọ̀rọ̀ yẹn máa ń dùn lẹ́nu, kò sì ní iṣẹ́ kankan tó lè ṣe ní kóòtù. Evidence Act 2011 kò gbà kí ayálégbé máa jiyàn ẹ̀tọ́ ẹni tó gbé e wọlé nígbà tó wọlé. Ohun tó lè sọ, tí wọ́n sì máa gbọ́, ni pé ẹ̀tọ́ ẹni yẹn ti parí láti ìgbà náà: pé ọdún tí onílé fún un ti tán, kò sì tún un gbà mọ́.

Bí ẹni méjì bá ń du owó ilé lọ́wọ́ ayálégbé kejì, tí ọ̀kan ní òun ni kí ó san án fún, tí èkejì náà sọ bẹ́ẹ̀, kí ó má fi ìbẹ̀rù san án fún ẹni tó pariwo jù. Kóòtù lè gba owó náà sọ́wọ́ títí wọ́n á fi mọ ẹni tó ni ín. Lọ́yà tó mọ iṣẹ́ á mọ bí wọ́n ṣe ń kọ ìwé rẹ̀.

Ní ti onílé, kò ní nǹkan pọ̀ bá ayálégbé kejì ṣe ní tààràtà. Ayálégbé àkọ́kọ́ ló yẹ kí ìwé kúìtì rẹ̀ lọ bá. Onílé tó bá fò ó, tó lọ kọ ìwé kúìtì sí ayálégbé kejì, ń fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ ọ́ sílẹ̀ pé òun mọ̀ ọ́n ní ayálégbé òun. Èyí tó tún burú ni kí ó máa gba owó lọ́wọ́ rẹ̀. Bí rìsíìtì "owó ilé" bá ti ń jáde ní orúkọ ayálégbé kejì látọ̀dọ̀ onílé, lọ́yà onítọ̀hún máa kó wọn sílẹ̀ níwájú májísíréètì lọ́kọ̀ọ̀kan, á ní ayálégbé onílé gan-an ni oníbàárà òun, pé ọ̀rọ̀ ayálégbé àkọ́kọ́ ti kúrò níbẹ̀.

Òfin ní ayálégbé kò gbọdọ̀ tún ilé yá ẹlòmíràn láìgba àṣẹ onílé ní kíkọ sílẹ̀. Bí ó bá ṣe é láìgba àṣẹ ńkọ́? Àdéhùn tó wà láàárín òun àti ayálégbé kejì dúró, wọn ò lè torí ìyẹn jẹ ara wọn lówó. Ṣùgbọ́n onílé ti rí ìdí tó lè fi gba ilé rẹ̀. Ẹ̀tọ́ yìí máa ń bọ́ lọ́wọ́ onílé wẹ́rẹ́: bí ó bá ti mọ̀ pé wọ́n ti pín ṣọ́ọ̀bù, tó sì tún gba owó ilé ọdún tó ń bọ̀ lọ́wọ́ ayálégbé àkọ́kọ́, ó ti fojú fo ẹ̀ṣẹ̀ náà nìyẹn. Kíkọ "mi ò gbà o" sí ẹ̀yìn rìsíìtì kò mú un padà. Bí ìwọ onílé ò bá fẹ́ bẹ́ẹ̀, dá owó náà padà, kí o kọ lẹ́tà lọ́sẹ̀ tí o gbọ́.

Tábìlì yàtọ̀ sí ṣọ́ọ̀bù

Kì í ṣe gbogbo ẹni tó ń sanwó nínú ṣọ́ọ̀bù ni ayálégbé. Ẹlòmíràn wà tó jẹ́ pé ìyọ̀ǹda lásán ló ní láti wà níbẹ̀. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ kò nílò ìwé kúìtì oṣù mẹ́fà. Bí ìyọ̀ǹda rẹ̀ bá ti parí tàbí tí wọ́n ti gbà á padà, ìwé ọjọ́ méje ni òfin 2011 ní kí wọ́n fún un kí wọ́n tó lọ sí kóòtù. Ẹ̀yin náà rí i pé ìyàtọ̀ ọjọ́ méje sí oṣù mẹ́fà kò kéré.

Ohun tí kóòtù ń wò ni ẹni tí agbára ibẹ̀ wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ta ló ní kọ́kọ́rọ́? Ta ló ń ṣí i láàárọ̀? Ṣé ẹni tó pín ṣọ́ọ̀bù lè sọ pé "sún sí apá ọ̀tún, ẹlòmíràn fẹ́ dúró síbẹ̀"? Ṣé ẹni tó gbà á lè tilẹ̀kùn mọ́ gbogbo ayé, títí kan ẹni tó pín in? Onítábìlì ẹnu ọ̀nà tó ń kó ọjà rẹ̀ sínú báàgì lálẹ́ ṣòro láti pè ní ayálégbé. Oníláptọ́ọ̀pù tó ní ilẹ̀kùn tirẹ̀ lẹ́yìn páálí, pẹ̀lú àgádágodo tí kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ kò sí lọ́wọ́ ẹlòmíràn, ayálégbé ni lójú ọ̀pọ̀ adájọ́, bí ìwé tiẹ̀ pè é ní oníyọ̀ǹda. Orúkọ tí ẹ kọ sórí ìwé kò lè borí ohun tí ẹ ń ṣe lójoojúmọ́. Nítorí náà, ẹni tó fẹ́ pín tábìlì láìdá ayálégbé sílẹ̀ gbọ́dọ̀ di kọ́kọ́rọ́ mú, kí ó sì máa lo agbára láti sún èèyàn kiri. Ẹni tó fẹ́ ẹ̀tọ́ ayálégbé, kí ó bèèrè ilẹ̀kùn tirẹ̀.

Bí ti òkè bá parí

Ibí ni ayálégbé kejì ti ń fara gbá jù. Ẹnìkan kò lè yọ̀ǹda ohun tó ju èyí tó ní lọ. Bí ọdún ayálégbé àkọ́kọ́ bá tán lọ́wọ́ onílé, tàbí tí onílé fi ìwé kúìtì tó péye gba ilé rẹ̀, ti ayálégbé kejì náà wó lé e lórí, bó tiẹ̀ ṣe pé ó ti san owó ọdún méjì sílẹ̀. Ohun tó kù fún un ni kí ó máa lé ayálégbé àkọ́kọ́ kiri fún owó rẹ̀.

Àmọ́ ọ̀nà kan wà tí kì í wó. Bí ayálégbé àkọ́kọ́ bá fínnúfíndọ̀ dá ilé padà fún onílé láàárín ọdún, tí àwọn méjèèjì jọ fẹnu kò lórí rẹ̀, ẹ̀tọ́ ayálégbé kejì kò bá a lọ. Onílé ló di onílé rẹ̀ ní tààràtà títí àsìkò tó sanwó fún yóò fi pé. Ọ̀pọ̀ onílé ni kò mọ èyí. Wọ́n á yanjú ọ̀rọ̀ ní kọ̀rọ̀ pẹ̀lú ayálégbé àkọ́kọ́, wọ́n á gba kọ́kọ́rọ́, wọ́n á sì mú wẹ́dà lọ jó ilẹ̀kùn mọ́ ayálégbé kejì. Kóòtù tí wọ́n bá sáré lọ lọ́jọ́ kejì máa ní kí wọ́n ṣí i.

Ẹni tó ń kọ àdéhùn fún ayálégbé kejì gbọ́dọ̀ ṣọ́ ọjọ́ ìparí. Bí ti ayálégbé àkọ́kọ́ bá máa parí ní 31 Oṣù Kejìlá, kí ti ayálégbé kejì parí ní 30. Ọjọ́ kan ṣoṣo yẹn ṣe pàtàkì. Bí ayálégbé àkọ́kọ́ bá gbé gbogbo ìyókù àsìkò rẹ̀ fún ẹlòmíràn láìṣẹ́ ọjọ́ kan kù, òfin máa kà á sí pé ó ti gbé ipò rẹ̀ fún onítọ̀hún pátápátá, pé òun fúnra rẹ̀ ti jáde. Bí ọ̀rọ̀ bá wá di ti kíkó-jáde, kò ní ẹsẹ̀ tó máa fi dúró.

Kí ayálégbé kejì tó ka owó sílẹ̀, ìwé mẹ́rin ni kí ó fojú ara rẹ̀ rí: àgíríìmẹ́ǹtì ayálégbé àkọ́kọ́ àti ọjọ́ tó máa parí, ibi tí wọ́n ti sọ̀rọ̀ nípa yíyá ẹlòmíràn nínú rẹ̀, lẹ́tà àṣẹ onílé, àti rìsíìtì owó ilé tó kẹ́yìn. Igi gogoro má gùn mí lójú, òkèèrè la ti ń wò ó. Bí wọ́n bá ní "ìwé wà lọ́wọ́ lọ́yà mi", ẹ jẹ́ kí owó náà wà lọ́wọ́ tiyín títí lọ́yà á fi dé. Bó bá jẹ́ ṣọ́ọ̀bù ọjà ìjọba ìbílẹ̀, ẹ ka ìwé tí wọ́n fi pín ṣọ́ọ̀bù fún ẹni náà dáadáa, torí àwọn mìíràn nínú irú ìwé bẹ́ẹ̀ kò fàyè gba yíyá ẹlòmíràn rárá.

Kàlẹ́ńdà

Bí àgíríìmẹ́ǹtì bá ti sọ iye àsìkò ìwé kúìtì, òun ni kí ẹ tẹ̀ lé. Bí kò bá sọ, òfin 2011 fún ayálégbé olóṣooṣù ní oṣù kan, olóṣù mẹ́ta-mẹ́ta ní oṣù mẹ́ta, olóṣù mẹ́fà-mẹ́fà ní oṣù mẹ́ta, ọlọ́dọọdún ní oṣù mẹ́fà. Ẹni tó kàn wà níbẹ̀ nípa ìfẹ́ onílé, ọ̀sẹ̀ kan. Bí àdéhùn bá sì ní ọjọ́ ìparí pàtó, bíi ọdún kan tó parí ní ọjọ́ báyìí láìsí ọ̀rọ̀ pé yóò máa tún ara rẹ̀ ṣe, kò nílò ìwé kúìtì mọ́ bí ọjọ́ náà bá ti kọjá. Ìwé ọjọ́ méje nìkan ló kù.

Ẹ jẹ́ ká fi ọjọ́ ṣe àpẹẹrẹ. Ayálégbé kejì ń san ọdọọdún, ọdún rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ní 1 Oṣù Kìíní 2025. Ìwé kúìtì oṣù mẹ́fà gbọ́dọ̀ dé ọwọ́ rẹ̀ ó pẹ́ tán ní 30 Oṣù Kẹfà kí ó lè parí ní 31 Oṣù Kejìlá. Bí ó bá pẹ́ dé 10 Oṣù Keje, kò tíì bàjẹ́ lábẹ́ òfin 2011, nítorí òfin náà ní ìwé ayálégbé olóṣù mẹ́ta, olóṣù mẹ́fà àti ọlọ́dọọdún kò pọn dandan kí ó parí lọ́jọ́ àyájọ́. Ó lè parí lọ́jọ́ náà tàbí lẹ́yìn rẹ̀. Ẹ kàn gbọ́dọ̀ ka oṣù mẹ́fà pé, ìyẹn 10 Oṣù Kìíní 2026, kí ẹ sì kọ ọjọ́ náà sínú ìwé.

Lẹ́yìn tí kúìtì bá parí ni ìwé ọjọ́ méje máa jáde, èyí tó ń sọ pé onílé fẹ́ lọ sí kóòtù láti gba ilé rẹ̀. Wọn kì í kó ìwé méjèèjì fúnni lẹ́ẹ̀kan náà. Bí kúìtì bá parí ní 31 Oṣù Kejìlá 2025, tí ìwé ọjọ́ méje dé ọwọ́ rẹ̀ ní ọjọ́ Ẹtì, 2 Oṣù Kìíní 2026, ẹ má ka ọjọ́ tó gbà á. Ọjọ́ kẹta ni kíkà bẹ̀rẹ̀, ó pé ní ọjọ́ kẹsàn-án. Ọjọ́ kẹwàá bọ́ sí Sátidé, nítorí náà ọjọ́ Ajé, 12, ni ẹ máa gbé ẹjọ́ lọ. Ẹni tó bá sáré gbé e lọ ní ọjọ́ kẹjọ ti fún lọ́yà ẹnìkejì ní ohun tó máa fi jẹun fún oṣù mélòó kan.

Ayálégbé olóṣooṣù tó bá jẹ gbèsè oṣù mẹ́fà, àti olóṣù mẹ́ta tàbí mẹ́fà tó jẹ gbèsè ọdún kan, ti já okùn ara rẹ̀: òfin ní ilé náà ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, kóòtù á sì pàṣẹ kí ó kó jáde bí wọ́n bá fi ẹ̀rí gbèsè náà hàn.

Ohun tó ń ba ìwé kúìtì jẹ́

Orúkọ ni àkọ́kọ́. Ẹni tí wọ́n yá ṣọ́ọ̀bù fún lè jẹ́ kọ́ńpìnnì, ó lè jẹ́ ẹnì kan, ó sì lè jẹ́ ẹnì kan tó fi orúkọ òwò bíi "Something Ventures" ṣe ọjà. Kọ́ńpìnnì tó ní "Limited" nídìí orúkọ rẹ̀ jẹ́ ẹni tó dá dúró lójú òfin. Bí rìsíìtì bá wà ní orúkọ rẹ̀, òun ni kí ẹ kọ ìwé sí, òun sì ni kí ẹ pè lẹ́jọ́. Bí ẹ bá pe ọ̀gá rẹ̀, á ní òun kọ́ ni wọ́n yá ṣọ́ọ̀bù fún. "Ventures" lásán kì í ṣe èèyàn. Orúkọ ẹni tó ni ín ni kí ẹ kọ, kí ẹ sì fi kún un pé ó ń fi orúkọ òwò náà ṣòwò. Kí ẹ tó kọ ohunkóhun, ẹ kó rìsíìtì mẹ́ta tó kẹ́yìn jáde, kí ẹ wo orúkọ tó wà lórí wọn lẹ́tà sí lẹ́tà.

Èkejì ni àṣẹ. Lọ́yà tàbí ejẹ́ǹtì tó bá fọwọ́ sí ìwé kúìtì gbọ́dọ̀ ti gba lẹ́tà àṣẹ lọ́wọ́ onílé kí ó tó kọ ọ́. Lẹ́tà tí ọjọ́ orí rẹ̀ kéré sí ti ìwé kúìtì ń fa ìbéèrè tí kò sẹ́ni tó fẹ́ dáhùn lórí ìdúró ẹlẹ́rìí. Lórí ṣọ́ọ̀bù tí a tún yá, ayálégbé àkọ́kọ́ ló gbọ́dọ̀ fún lọ́yà ní lẹ́tà náà. Lẹ́tà tí onílé àgbà, ìyẹn ẹni tó ni ilé gan-an, kọ kò ràn án lọ́wọ́.

Ẹ̀kẹta ni bí wọ́n ṣe fi í jíṣẹ́. Fún ibi òwò, wọ́n lè fún ẹni tí wọ́n bá ní ṣọ́ọ̀bù náà, tàbí kí wọ́n lẹ̀ ẹ́ mọ́ ibi tí gbogbo èèyàn á ti rí i lára rẹ̀. Ṣùgbọ́n nínú ṣọ́ọ̀bù tí èèyàn mẹ́rin wà, lílẹ̀ ẹ́ mọ́ ilẹ̀kùn ńlá kò sọ ẹni tí wọ́n lẹ̀ ẹ́ fún. Ẹ lẹ̀ ẹ́ mọ́ káńtà tàbí ilẹ̀kùn inú ti ẹni náà gan-an, kí ẹ ya fọ́tò èyí tó hàn ketekete tí wọ́n á lè ka orúkọ, kí ẹ tún ya èyí tó fi gbogbo ṣọ́ọ̀bù hàn. Ẹni tó lẹ̀ ẹ́ ni kí ó ṣe ìwé ìbúra, kì í ṣe lọ́yà tó rán an níṣẹ́. Bí ọmọ iṣẹ́ bá gbà á tí kò fẹ́ fọwọ́ sí i, ẹ kọ àkókò, irú aṣọ tó wọ̀ àti ohun tó sọ sẹ́yìn ẹ̀dà tiyín lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀.

Ní Oṣù Kejì 2021, Kóòtù Àgbà jù lọ dá ẹjọ́ Pillars àti Desbordes. Adájọ́ Helen Ogunwumiju ló ka ìdájọ́ náà, ó sì ní kí ayálégbé má fi àléébù inú ìwé kúìtì jókòó sórí ilé olóhun títí ayé: ọjọ́ tí ìwé ẹjọ́ bá dé ọwọ́ ayálégbé, àkókò ìwé kúìtì bẹ̀rẹ̀ sí í kà láti ìgbà náà. Inú àwọn onílé dùn púpọ̀. Èmi ò ní gba ẹnikẹ́ni nímọ̀ràn pé kí ó torí ẹ̀ kọ ìwé jákujàku. Ìdájọ́ náà lè gbà yín là bí àṣìṣe bá ṣẹlẹ̀, àmọ́ lọ́yà ẹnìkejì á ṣì fi oṣù pípẹ́ jiyàn pé ọ̀rọ̀ tirẹ̀ yàtọ̀.

Ní kóòtù

Òfin kóòtù májísíréètì Èkó ti 2009 fi òdiwọ̀n sí 10,000,000 náírà. Bí owó ilé bá ju bẹ́ẹ̀ lọ, kóòtù gíga ni. Àwọn ìwé tí ẹ máa kó lọ ni àgíríìmẹ́ǹtì méjèèjì, ti òkè àti ti ìsàlẹ̀, rìsíìtì, lẹ́tà àṣẹ lọ́yà, ìwé kúìtì, ìwé ọjọ́ méje, ìwé ìbúra ẹni tó jíṣẹ́, àti fọ́tò. Àgíríìmẹ́ǹtì tí wọn ò lẹ òǹtẹ̀ owó orí mọ́ lè mú kí májísíréètì kọ̀ ọ́ títí ẹ ó fi lọ san owó náà pẹ̀lú ìtanràn, nítorí náà ẹ yára lọ lẹ̀ ẹ́ kí ọjọ́ ẹjọ́ tó pé.

Onílé tó ń pe ayálégbé àkọ́kọ́ lẹ́jọ́, ẹ darúkọ gbogbo ẹni tó wà nínú ṣọ́ọ̀bù sínú ẹjọ́ náà. Bí ẹ bá fo ẹnì kan, lọ́jọ́ tí béílífù bá dé láti kó ẹrù síta, á sáré lọ sí kóòtù pé òun kò gbọ́ nípa ẹjọ́ kankan rí, wọ́n á sì dá àṣẹ náà dúró. Ayálégbé kejì tó bá gbọ́ pé ẹjọ́ ń lọ lórí ṣọ́ọ̀bù tó wà kò gbọdọ̀ jókòó máa wò. Kí ó bẹ kóòtù kí wọ́n fi orúkọ òun kún un, torí ayálégbé àkọ́kọ́ lè ti bá onílé ṣàdéhùn ní kọ̀rọ̀, ó sì lè má wá sí kóòtù rárá.

Kóòtù lè ní kí ẹ kọ́kọ́ lọ sí Citizens' Mediation Centre, tí kì í gbowó, tàbí Lagos Multi-Door Courthouse. Èmi fara mọ́ ọn fún ẹjọ́ ṣọ́ọ̀bù. Ohun tí ayálégbé kejì sábà ń wá ni oṣù méjì sí mẹ́ta láti kó ọjà, àti ìyókù owó rẹ̀. Bí wọ́n bá fẹnu kò, ẹ jẹ́ kí kóòtù sọ àdéhùn náà di ìdájọ́, kí ẹni tó bá yẹ̀ ẹ́ má lè dá ẹjọ́ padà síbi tó ti bẹ̀rẹ̀.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi àgádágodo sílẹ̀. Òfin 2011 ka lílé ayálégbé jáde tipátipá, híhalẹ̀ mọ́ ọn, tàbí títú apá kan ilé kí ó lè sá, sí ẹ̀ṣẹ̀. Ìtanràn rẹ̀ lè tó 250,000 náírà, tàbí ẹ̀wọ̀n oṣù mẹ́fà. Bákan náà, ọ̀rọ̀ owó ilé kì í ṣe iṣẹ́ ọlọ́pàá: Police Act 2020 ní wọn ò gbọdọ̀ torí gbèsè tàbí àdéhùn tó yẹ̀ nìkan mú èèyàn. Onílé tó bá ti ilẹ̀kùn mọ́ fóònù àti láptọ́ọ̀pù ayálégbé kejì yóò gbọ́ iye owó wọn ní kóòtù, iye tí ayálégbé bá kọ sílẹ̀ sì máa ń pọ̀ ju èyí tí onílé rò lọ, torí òun kọ́ ló ka ọjà ṣáájú kí ó tó tì í.

Owó

Owó ilé máa ń dúró lọ́jọ́ tí àdéhùn parí. Láti ọjọ́ kejì rẹ̀ títí dé ọjọ́ tí ayálégbé bá jáde, owó mìíràn ló ń kà, èyí tí àwọn lọ́yà ń pè ní mesne profits, owó ìlò ilé lẹ́yìn àsìkò. Bí owó ọdún bá jẹ́ 3,600,000 náírà, 300,000 ló ń kà lóṣooṣù. Bí ayálégbé bá wà níbẹ̀ fún oṣù méje lẹ́yìn àsìkò, ó di 2,100,000. Ẹ béèrè fún un nínú ìwé ẹjọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀, kóòtù kì í fún èèyàn ní ohun tí kò béèrè. Bí ayálégbé bá sì mú owó wá nígbà tí ẹjọ́ ń lọ, ẹ kọ "owó ìlò lẹ́yìn àsìkò" sórí rìsíìtì. Ẹni tó bá kọ "owó ilé 2026" síbẹ̀ lè ti fi rìsíìtì dá ayálégbé tuntun sílẹ̀.

Ayálégbé kejì tó ti sanwó sílẹ̀, tí ti òkè wá wó lé lórí, kò nílò ẹjọ́ ńlá láti gba owó rẹ̀ lọ́wọ́ ayálégbé àkọ́kọ́. Bí kò bá ju 5,000,000 náírà lọ, tó sì jẹ́ iye tí ẹ lè ṣírò, Small Claims Court Èkó wà fún un. Lẹ́tà ìbéèrè owó ló máa ń ṣáájú, ìlànà rẹ̀ sì ní kí ẹjọ́ parí láàárín 60 ọjọ́. Ṣùgbọ́n wọn kì í dá ẹjọ́ kíkó-jáde níbẹ̀.

Ní ti táìlì, sílíìnì àti ṣẹ́ẹ́fù: òfin ní ayálégbé tó bá fi àṣẹ onílé ní kíkọ sílẹ̀ tún ilé ṣe lè béèrè owó rẹ̀ bí onílé bá ní kí ó jáde. Ìyọnu ayálégbé kejì ni pé lẹ́tà ayálégbé àkọ́kọ́ ló sábà ń wà lọ́wọ́ rẹ̀, ìyẹn kò sì di onílé àgbà. Kí ó gba ti àwọn méjèèjì kí ó tó ra sìmẹ́ǹtì. Àwọn ohun ọ̀ṣọ́ òwò tó gbé wá fúnra rẹ̀, bíi káńtà gíláàsì, sáìnbọ́ọ̀dù àti éà kọndíṣọ̀nà, ó lè tú wọn kí àsìkò tó parí, kí ó sì dí ihò tó bá ṣẹ́kù lára ògiri.

Lọ́jọ́ ìjáde, ẹ má ju kọ́kọ́rọ́ sílẹ̀ lọ́wọ́ aṣọ́lé. Ẹ kọ ìwé kékeré tó sọ ọjọ́, iye kọ́kọ́rọ́ àti nọ́ńbà tó wà lójú mítà iná, kí ẹni tó gbà á fọwọ́ sí i, kí ẹ ya fọ́tò ṣọ́ọ̀bù lófìfo. Bí ayálégbé àkọ́kọ́ bá kọ̀ láti gbà á, tó fẹ́ kí owó ìlò máa kà sí yín lọ́rùn, ẹ fi lẹ́tà gbé kọ́kọ́rọ́ náà lọ fún lọ́yà rẹ̀, tàbí fún ọ̀gá àwọn akọ̀wé kóòtù tí ẹjọ́ wà níwájú rẹ̀, kí ẹ sì gba ẹ̀dà tí wọ́n lu òǹtẹ̀ sí.